Eegun Ọ̀pọ̀lọ́ ní Pápá Wickenmere

Kò sẹ́ni tó fọwọ́ kan Tansy Cragg. Ohun tó ń bí Bryony Dring nínú jù nìyẹn. Ká ní ọ̀tá ló fi bàtà gbá ọmọ náà lẹ́sẹ̀, ìyẹn ì bá yé èèyàn. Bọ́ọ̀lù ni wọ́n ń gbá, ijó kọ́ ni wọ́n ń jó. Ṣùgbọ́n Tansy nìkan ló wà ní ẹ̀gbẹ́ pápá lọ́hùn-ún, ó ń lé bọ́ọ̀lù lọ bí ehoro, ni gbogbo èrò bá gbọ́ "pàù!" bí ìgbà tí wọ́n ṣẹ́ igi gbígbẹ. Ọmọ náà dojú bolẹ̀. Igbe tó ké lé àwọn ẹyẹ kúrò lórí òpó iná.

Bryony ló kọ́kọ́ dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, nítorí òun ni balógun ẹgbẹ́. Ó kúnlẹ̀ sórí koríko tí òtútù ti mú le, ó gbé orí rẹ̀ lé itan.

"Nǹkan kan ló dì mí lẹ́sẹ̀ mú," ni Tansy ń wí, eyín rẹ̀ ń gbá ara wọn.

"Kò sẹ́nì kankan níbí. Mí dáadáa."

"Láti inú ilẹ̀ ni. Ó tutù, Bryony. Mo ní ó lọ́wọ́!"

Nígbà tí wọ́n gbé e lọ tán, Bryony wo ibi tó ṣubú sí. Ọ̀pọ̀lọ́ kan jókòó síbẹ̀, ó sanra, ó ń dán, ó tẹjú mọ́ ọn. Àárín ìgbà òtútù sì ni. Nílẹ̀ àbàtà yẹn, kò sí ọ̀pọ̀lọ́ tí í jáde nígbà òtútù. Abẹ́ ẹrẹ̀ ni gbogbo wọn ń sùn títí ilẹ̀ yóò fi móoru. Bryony fẹ́ fi bàtà gbá a dànù. Kó tó gbé ẹsẹ̀, orúnkún tirẹ̀ náà tutù wọnú, bí ẹni pé wọ́n da omi kànga sí i. Nígbà tó fi máa ṣẹ́jú, ọ̀pọ̀lọ́ ò sí níbẹ̀ mọ́.

Tansy kọ́ ni àkọ́kọ́. Láti ìgbà tí àwọn igi ti ń wọ́wé ni orúnkún ti ń já nínú ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù obìnrin Wickenmere. Gólì tó ń ṣọ́lé wọn ló bẹ̀rẹ̀, ẹni tó ń gbá ọwọ́ òsì tẹ̀lé e, bẹ́ẹ̀ ni kò sẹ́ni tó kan èyíkéyìí nínú wọn.

Desmond Harbord, alága ẹgbẹ́, dúró létí pápá, ó ki ọwọ́ bọ àpò kóòtù.

"Orúnkún obìnrin ò kúkú lágbára," ló wí. "Ó ti pẹ́ tí mo ti ń sọ ọ́."

"Pápá tẹ́ ẹ fún wa ni ò dáa!" Bryony dá a lóhùn. "Àwọn ọkùnrin ń gbá tiwọn lórí koríko bíi kápẹ́ẹ̀tì, ẹ wá kó wa wá sétí odò, níbi tí màlúù gan-an ò ní fẹ́ jẹko."

"Ṣó o fẹ́ kí n tú ẹgbẹ́ yín ká ni?"

Gbólóhùn yẹn ló fi ń pa wọ́n lẹ́nu mọ́. Iṣẹ́ ni gbogbo wọn ń ṣe jẹun, owó bọ́ọ̀lù kò tó nǹkan, ṣùgbọ́n kò sí ìkankan nínú wọn tó lè fojú inú wo ọjọ́ Sunday láìsí bọ́ọ̀lù. Bryony gbé ìbínú rẹ̀ mì bí ẹni gbé ẹ̀gún ẹja mì. Nínú yàrá ìmúra, Glenys Pell ló fi aṣọ ìnura nù ún lójú.

"Jókòó, ọmọ mi. Bọ́ jẹ́sì yẹn kí n bá ọ fọ̀ ọ́."

"Ẹ ṣeun, Glenys."

Obìnrin yìí ló dá ẹgbẹ́ náà sílẹ̀. Nígbà tí gbogbo ìlú ń fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́, òun ló ń lọ láti ojúlé dé ojúlé, tó ń bẹ àwọn òbí pé kí wọ́n yọ̀ǹda ọmọbìnrin wọn. Òun ló kọ́ Bryony bí wọ́n ṣe ń fi orí kan bọ́ọ̀lù láì dijú. Nígbà tí orúnkún tirẹ̀ já, ó ti pẹ́ ṣáájú gbogbo èyí, kó tó lajú lórí bẹ́ẹ̀dì ilé ìwòsàn ni Harbord ti fi Bryony jẹ balógun dípò rẹ̀. Ó ń tiro láti ìgbà náà, jẹ́sì ló sì ń fọ̀ báyìí.

*

Glenys ti ilẹ̀kùn yàrá ìfọṣọ mọ́rí. Ẹ̀rọ ń kùn. Ó gbé jẹ́sì Bryony sókè sí iná, ó tú ọrùn rẹ̀ wò títí ó fi rí fọ́nrán irun pupa kan. Ó fà á yọ, ó wé e mọ́ ìka.

Ọ̀dọ̀ Amos Leake ló ti gba ohun tó gbà, arúgbó apẹja tó ń dá gbé nísàlẹ̀ odò. Wọ́n ní bàbá bàbá rẹ̀ máa ń sọ ọ̀rọ̀ kan sí ẹṣin létí, ẹṣin náà á sì dúró bí òpó títí ilẹ̀ á fi ṣú. Amos na eegun kékeré kan sí i lórí àtẹ́lẹwọ́, irú èyí tí bàbá bàbá rẹ̀ ń lò, eegun tó pín sí méjì lẹ́nu bí ẹ̀ka igi. Ara ọ̀pọ̀lọ́ ló ti wá. Èèrà ló jẹ ẹran ara rẹ̀ tán, odò ló sì yan eegun náà, nítorí nígbà tí wọ́n da gbogbo eegun rẹ̀ sómi, òun nìkan ló lúwẹ̀ẹ́ lòdì sí omi.

"Ta lo fẹ́ kó mú?" Amos bi í.

"Gbogbo wọn. Kí Harbord ní pápá, kó má rí ẹsẹ̀ tó máa gbá bọ́ọ̀lù lórí ẹ̀."

"Eegun yìí ò mọ Harbord kankan. Ohun tó bá tẹ ilẹ̀ ẹ̀ ló ń jẹ. Tó bá sì ti bẹ̀rẹ̀, kì í sọ pé òun yó."

"Kó máa jẹ lọ."

Òru ọjọ́ náà ló rì í sí igun pápá tó súnmọ́ odò. Nígbà tí Tansy ké, ọkàn Glenys fẹ́ rọ̀. Lẹ́yìn náà ló rántí òdòdó tí ẹgbẹ́ fi ránṣẹ́ sí i nílé ìwòsàn, tí wọn ò tiẹ̀ kọ orúkọ rẹ̀ bó ṣe yẹ sára rẹ̀. Ta ló sunkún fún òun? Ta ló di òun mú?

"Ó ku balógun," ló sọ sétí ẹ̀rọ tó ń kùn. Nínú ẹ̀rọ náà, láàárín ọ̀ṣẹ àti omi gbígbóná, nǹkan kan ké wuuku.

*

Láti ọjọ́ yẹn ni òtútù ò ti kúrò lórúnkún Bryony mọ́. Níbi iṣẹ́, ní ilé tí wọ́n ti ń di kábéèjì sínú àpótí, ó ń tiro. Ó fi aṣọ olóòwú dì í, ó fi omi gbígbóná jó o, pàbó. Bó ṣe ń gba ẹ̀gbẹ́ pápá lọ sí ìgbáradì, ẹṣin tí wọ́n so mọ́lẹ̀ nínú oko ẹ̀gbẹ́ ibẹ̀ rí i, ó fi ẹ̀yìn rìn títí ó fi já okùn. Nígbà tó ṣí kọ́bọ́ọ̀dù rẹ̀, tí kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ ò kúrò lọ́rùn rẹ̀ rí, tó ki ẹsẹ̀ bọ bàtà bọ́ọ̀lù, ohun tútù kan jí sábẹ́ àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí mí.

Kò kígbe. Inú ló bí i. Ó gbọn bàtà náà síta, ó wo ọ̀pọ̀lọ́ náà bó ṣe rọra ń fò lọ sábẹ́ àga bí onílé, ó wọ mọ́tò rẹ̀, ó di ọ̀dọ̀ Àǹtí Thirza.

Àbúrò ìyá ìyá rẹ̀ ni Thirza, obìnrin tíńrín tí òkúta oníhò, irú èyí tí wọ́n fi ń lé ibi sẹ́yìn, ń fì lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀. Àwọn aráàlú ń bẹnu àtẹ́ lù ú lọ́sàn-án, wọ́n sì ń gba ẹ̀yìnkùlé wá bá a bí ara màlúù wọn ò bá yá. Ó tẹ orúnkún Bryony, ó sì tètè fa ọwọ́ kúrò bí ẹni tó fọwọ́ kan yìnyín.

"Ta ló ń fọ aṣọ yín?"

"Glenys ni. Àmọ́ ẹ má dárúkọ rẹ̀ síbẹ̀, Àǹtí. Bí ìyá ló ṣe rí sí mi."

Thirza dìde. Ó gbé ìgò amọ̀ kan jáde lẹ́yìn ààrò, èyí tí wọ́n ya ojú ọkùnrin onírùngbọ̀n sí lọ́rùn. Ó da ìṣó tó ti dípẹtà sínú rẹ̀, ó da abẹ́rẹ́ tó ti tẹ̀ sí i, ó gé irun Bryony lé e.

"Ó yá, tọ̀ sínú ẹ̀."

"Àǹtí Thirza!"

"Kí ló dé? Ṣó o rò pé omi òdòdó ni àwọn ìyá ńlá wa ń lò ni? Bọ́ sẹ́yìn ilẹ̀kùn, kó o má dà á sórí kápẹ́ẹ̀tì mi."

Nígbà tí wọ́n dí i lẹ́nu tán, ẹ̀rín kúrò lójú ìyá arúgbó náà.

"Gbọ́ mi dáadáa. Bí èyí bá ti ń gbóná lórí iná, inú ẹni tó ń dè ọ́ á máa gbóná bákan náà. Kò ní lè tọ̀, kò ní lè jókòó. Ẹsẹ̀ ẹ̀ ló máa gbé e wá síbí. Ohunkóhun lè ké lóde, o ò gbọdọ̀ sọ̀rọ̀ títí á fi wọlé. Bí ìgò yìí bá sì fọ́ lórí iná, ẹni yẹn ti lọ nìyẹn."

"Kó máa lọ," ni Bryony wí.

"Dúró kó o rí ojú ẹ̀ ná."

*

Ilẹ̀ ti ń ṣú, òjò ń rọ̀. Wọ́n fa aṣọ fèrèsé, wọ́n jókòó níwájú iná. Ìgò náà kọ́kọ́ dákẹ́. Lẹ́yìn náà ó bẹ̀rẹ̀ sí kọrin nínú ikùn, bí ẹ̀fọn.

Nǹkan kan já sórí òrùlé, pọ̀tọ̀. Òmíràn já. Àìmọye já, wọ́n ń fò kiri lókè orí wọn. Lẹ́yìn náà ni ohùn kan dé ojú fèrèsé, ó hàn kedere bí agogo.

"Bryony, ṣílẹ̀kùn fún mi. Ẹsẹ̀ ń dùn mí."

Ohùn Tansy ni. Bẹ́ẹ̀ sì rèé, Tansy wà lórí bẹ́ẹ̀dì ilé ìwòsàn ní ìgboro, wọ́n so ẹsẹ̀ rẹ̀ kọ́. Bryony ya ẹnu. Thirza fi ọwọ́ gbígbẹ rẹ̀ bò ó. Ohùn náà ń bẹ̀bẹ̀, ó ń sunkún, ó wá rẹ́rìn-ín ní ìparí, ẹ̀rín tí Tansy ò rín rí.

Nígbà náà ni ẹnìkan kan ilẹ̀kùn.

Glenys Pell ló wà níbẹ̀, òjò ti pa á bàṣùbàṣù, ó fi ọwọ́ méjèèjì di abẹ́ ikùn. Ó wọ́ wọlé, ó dì mọ́ ẹsẹ̀ tábìlì.

"Ẹ gbé e kúrò lórí iná. Ẹ dákun. Ó ń fà mí ya."

Bryony dìde. Gbogbo ọ̀wọ̀ ti bọ́ lára ohùn rẹ̀.

"Ìwọ ni? Ìwọ, Glenys?"

"Èmi ni! Kí lo fẹ́ ṣe? Ẹgbẹ́ tí mo fi ẹsẹ̀ mi kọ́, ẹ gbà á lọ́wọ́ mi, ẹ wá ní kí n máa fọ òógùn yín. O dúró síwájú mi, o ń ṣe balógun, o sì ń kí mi pé mo ṣeun!"

"Harbord ló yọ ọ́, èmi kọ́!"

"Ṣé o kọ̀ ọ́? Ṣé o sọ pé o ò gbà? Kò tiẹ̀ wá wò mí. Ìwọ náà ò wá!"

"Mo wá! Mo dúró lẹ́nu ọ̀nà yàrá ẹ, o kọjú sí ògiri, o ní kí nọ́ọ̀sì lé mi padà! Tansy ńkọ́? Kí ni Tansy fi ṣẹ̀ ẹ́? Ọmọdé ni nígbà tó o di balógun. Kí ló ṣe fún ẹ?"

Glenys gbé ojú sókè. Kò sí ìtìjú níbẹ̀. Ó dà bí ojú ẹni tó ti pẹ́ lábẹ́ omi.

"Ẹsẹ̀ ẹ̀ ló tẹ ilẹ̀ náà," ló wí.

Ìgò bẹ̀rẹ̀ sí gbọ̀n lórí iná. Ilà tíńrín kan gba àárín ojú ọkùnrin onírùngbọ̀n náà kọjá. Glenys dojú délẹ̀, ó ń ké bí ẹran.

"Bryony," ni Thirza wí jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́, "ó ń sán o."

Bryony ń wò ó. Ó fẹ́ kó fọ́. Kí n má purọ́ fún yín: gbogbo ara rẹ̀ ló fẹ́ kó fọ́, kó gbọ́ ìró rẹ̀, kí ọ̀rọ̀ náà tán. Ó dúró pẹ́ kó tó mú ẹ̀mú tó fi gbé ìgò náà kúrò, kì í sì í ṣe àánú ló mú un ṣe é.

"O ò ní kú síbí kí n tún wá máa ṣọ̀fọ̀ ẹ," ló wí. "Tansy ní láti inú ilẹ̀ ni. Ohun yòówù tó o rì síbẹ̀, ọwọ́ tó o fi rì í ni wàá fi hú u."

*

Kùrukùru bo pápá ní ìdájí, òpó góòlù nìkan ló yọrí. Ní igun tó súnmọ́ odò, ibi tí gbogbo ilẹ̀ yòókù ti le bí irin, ilẹ̀ rọ̀, ó móoru bí ìyẹ̀fun tí wọ́n pò. Glenys fi èékánná wà á. Eegun náà jáde, irun pupa kan wé mọ́ ọn lọ́rùn. Ó ń gbọ̀n lọ́wọ́ rẹ̀ bí ohun tí ebi ń pa.

Thirza ti sọ òfin rẹ̀ fún wọn. Ẹni tó rì í ni kó jù ú sómi. Ẹni tí irun rẹ̀ wà lára rẹ̀ ni kó dúró tì í. Kí àwọn méjèèjì kẹ́yìn sí odò, kí wọ́n máa lọ, wọn ò gbọdọ̀ bojú wẹ̀yìn títí wọn á fi dé géètì, ohùn yòówù kó pè wọ́n.

Létí odò, Glenys dúró.

"Ilé Harbord ò jìnnà síbí," ló wí. "Gbọ́ mi, Bryony. Ìwọ náà kórìíra ẹ̀. Abẹ́ àtẹ̀gùn ilé ẹ̀ ni ká rì í sí. Ẹsẹ̀ tó gbé e wá sókè orí wa, kó já."

Bryony rí ọkùnrin náà lójú inú, bó ṣe ki ọwọ́ bọ kóòtù. Ó yí ojú sí ọ̀nà ilé Harbord.

"Jù ú," ló wí níkẹyìn.

"O rò ó. Mo rí i pé o rò ó."

"Mo ní kó o jù ú!"

Glenys jù ú. Kí wọ́n tó yí padà, wọ́n rí i tó bọ́ sórí omi, tó yí ẹnu, tó bẹ̀rẹ̀ sí lúwẹ̀ẹ́ lọ sókè odò, lòdì sí omi, ó ń ké.

Wọ́n kẹ́yìn sí i, wọ́n ń lọ. Ohùn Tansy pè wọ́n. Ohùn gólì wọn tẹ̀lé e. Bryony gbọ́ ohùn ara rẹ̀ tó ń bẹ òun fúnra rẹ̀ pé kó dákun wo ẹ̀yìn. Kò dúró.

Lẹ́yìn náà ni ariwo èrò ta láti inú kùrukùru, ariwo pápá tó kún fọ́fọ́, wọ́n ń pàtẹ́wọ́, wọ́n ń pe orúkọ kan ṣoṣo léraléra: "Glenys! Glenys! Glenys!"

Ẹsẹ̀ tó ń tiro lẹ́gbẹ̀ẹ́ Bryony dúró.

"Ṣó o gbọ́?" Glenys ń rẹ́rìn-ín bí ọmọge. "Èmi ni wọ́n ń pè."

"Máa bọ̀. Má dáhùn!"

"Gbogbo wọn ló dìde dúró."

Ẹsẹ̀ náà yí padà. Ó ń sáré, kò tiro mọ́. Omi dún, ó sì gbé ariwo èrò náà mì lẹ́ẹ̀kan náà. Ìdákẹ́jẹ́ẹ́ dé. Lẹ́yìn náà ni ohùn kan.

"Bryony! Ọwọ́! Na ọwọ́ sí mi! Bry—"

Bryony tẹjú mọ́ géètì. Ó ń rìn.

*

Ọ̀sán ni wọ́n tó fà á jáde. Dókítà ní omi tútù dá ọkàn rẹ̀ dúró. Àwọn ọlọ́pàá béèrè ọ̀rọ̀ díẹ̀, wọ́n lọ. Amos Leake ti ti ilé rẹ̀ pa, kò sẹ́ni tó mọ ibi tó kọrí sí.

Orúnkún kankan ò já mọ́ nínú ẹgbẹ́ náà. Òtútù kúrò lára Bryony kí ilẹ̀ tó mọ́ lọ́jọ́ kejì. Nígbà tí wọ́n tún gbá bọ́ọ̀lù, Harbord mú gbohùngbohùn, ó ní ìyá ẹgbẹ́ ti lọ, ó ní akọni obìnrin ni, ó ní òun fẹ́ràn rẹ̀ bí ẹ̀gbọ́n. Bryony rìn láti àárín pápá títí dé iwájú rẹ̀, ó já gbohùngbohùn gbà lójú gbogbo èrò.

"O ò fẹ́ràn ẹnì kankan nínú wa rí," ló sọ fún un. "Dákẹ́. Jẹ́ ká dákẹ́ fún un láìsí ìwọ ńbẹ̀."

Kò sẹ́ni tó bá a wí. Harbord wo ojú àwọn obìnrin tó tò sẹ́yìn Bryony, ó sì rìn lọ sídìí mọ́tò rẹ̀.

Ní ìrọ̀lẹ́, Bryony jókòó nílé ìdáná Àǹtí Thirza, tíì tutù síwájú rẹ̀. Ìyá arúgbó náà wò ó títí.

"Ohùn ẹ̀ lo gbọ́ lẹ́yìn ẹ, àbí ti eegun?" ló bi í. "Kò sí ẹni tó lè mọ ìyàtọ̀, ọmọ mi. Ṣe lo pa òfin mọ́. Má fìyẹn jẹ ara ẹ níyà."

"Mo mọ ìyàtọ̀."

"Báwo lo ṣe lè mọ̀ ọ́n?"

Bryony ti ife tíì náà sẹ́gbẹ̀ẹ́. Ìbínú ọjọ́ náà ṣì wà lójú rẹ̀, kò tíì rí ibi tó máa gbé e sí.

"Gbogbo ohùn yòókù ló mọ́ gaara," ló wí. "Eegun kì í wúkọ́, Àǹtí. Mo gbọ́ bó ṣe ń wúkọ́ omi, mo sì ń rìn lọ."